Bàtà Tí Kò Dọ́gba

Ọjọ́ tí Ràmílátù ti Japan dé, abọ́ kan ṣoṣo ni ìyá rẹ̀ bu oúnjẹ sí.

Ẹni tí kò mọ ilé náà ní Koumassi Remblais, ní Abidjan, á ní kí ló wà nínú ìyẹn. Ṣé abọ́ ni a ó máa kà ni? Ṣùgbọ́n odindi ọdún mẹ́rìnlá ni gbogbo àgbàlá náà fi mọ̀ pé bí oòrùn bá ti ń rẹlẹ̀, ìyá àgbà yìí á bu attiéké, oúnjẹ ẹ̀gẹ́ tí wọ́n ń jẹ níbẹ̀, sí abọ́ méjì. Á gbé ẹja lé méjèèjì. Á fi ìdérí bo ọ̀kan, á gbé e sórí àpótí lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn, á wá jókòó ti èkejì. Bí ilẹ̀ bá mọ́, á da ti abọ́ onídèérí fún adìẹ. Abọ́ Lúkmánì ni, ọmọ rẹ̀ ọkùnrin. Lúkmánì sì ti kú láti ọdún mẹ́rìnlá.

Ràmílátù gbé báàgì rẹ̀ sílẹ̀, ó wo orí àpótí náà. Kò sí nǹkan níbẹ̀. Ó kúnlẹ̀.

"Màmá, mo ti dé o."

Ìyá rẹ̀ yọ eegun kúrò lára ẹja, ó fi ẹja sẹ́nu, ó rún un, ó gbé e mì. Kò wo ọ̀dọ̀ rẹ̀. Mounira tí wọ́n jọ ń gbé àgbàlá náà ń fọ aṣọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ omi. Òun náà kò gbójú sókè.

Kí ló dé? Ẹ jẹ́ kí n mú un láti ìdí rẹ̀ wá. Ọ̀rọ̀ yìí, bí ènìyàn bá mú un láàárín, irọ́ ni yóò jọ.

Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ ni wọ́n, ìran oníṣòwò tó ti pẹ́ ní Abidjan. Ràmílátù ni àkọ́bí. Ó ń ta ẹ̀yà ọkọ̀ àlòkù ní ọjà Adjamé: ẹ́ńjìnnì, gíà, iná ọkọ̀, gbogbo ohun tó bá ti wọ inú kọ̀ǹténà láti Japan. Obìnrin ni o, ṣùgbọ́n bó bá ti gbọ́ ohùn ẹ́ńjìnnì, á ti sọ àìsàn tó ń ṣe é kí mẹkáníìkì tó dìde lórí bẹ́ǹṣì. Òun ló ń tọ́jú ìyá rẹ̀. Òun ló ń ra oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru, òun ló kan òrùlé tuntun, òun ló kun ilé. Ìyá á ní "o ṣé," bí ẹni tó ń dúpẹ́ lọ́wọ́ awakọ̀ takisí. Ìfẹ́ ńkọ́? Ìfẹ́ wà nínú abọ́ onídèérí.

Lúkmánì ni àbúrò tó tẹ̀lé e. Abẹ́rẹ́ kan tí wọ́n gún un ní kékeré ló sọ ẹsẹ̀ òsì rẹ̀ di kúkurú. Moufoutaou oníbàtà ló máa ń gé rọ́bà táyà gbaka, àwọn bọ́ọ̀sì kéékèèké ìlú náà, tó sì máa ń rán an mọ́ ìsàlẹ̀ bàtà òsì rẹ̀ ní ìpele mẹ́ta, kí ẹsẹ̀ méjèèjì lè dọ́gba nílẹ̀. Bó bá ń bọ̀ lọ́nà jíjìn, wàá ti gbọ́ ọ: kò, kọ̀. Kò, kọ̀. Gbaka náà ló wá pa á, ní ọmọ ọdún mẹ́tàlélógún. Ìyá wọn wà ní Ògbómọ̀ṣọ́ lọ́jọ́ náà. Ràmílátù ló lọ sí ilé òkú, òun ló ṣí aṣọ lójú àbúrò rẹ̀, òun ló ní "òun ni." Wọ́n sin ín kí ilẹ̀ tó ṣú, bí ẹ̀sìn ti wí. Wọ́n kó aṣọ rẹ̀ fún un nínú ọ̀rá dúdú, pẹ̀lú bàtà ọ̀tún. Wọ́n wá bàtà òsì títí, wọn kò rí i.

Nígbà tí ìyá dé lọ́jọ́ kẹta, kò sunkún. Ó ní, "Ẹ kò fi òkú kankan hàn mí. Èmi ò lókùú." Kò gbà kí wọ́n ṣe àdúrà fídáù ọjọ́ kẹjọ. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn ni abọ́ méjì bẹ̀rẹ̀. Kò sì tán síbẹ̀. Gbogbo wa la mọ̀ pé orúkọ àkọ́bí là ń fi pe ìyá ọmọ. Ìyá Ràmílátù ni wọ́n ń pè é látijọ́. Ó ní òun kò jẹ́ ẹ mọ́ o, Ìyá Lúkmánì ni kí wọ́n máa pe òun. Ẹni tó bá pè é ní Ìyá Ràmílátù, ẹni náà á pè é títí ọ̀fun rẹ̀ á fi gbẹ.

Ó dun Ràmílátù. Ká má purọ́, ó dùn ún wọ eegun. Gbogbo ìgbà ló ń sọ fún ìyá rẹ̀ pé, "Màmá, ó ti kú. Ojú mi ló ṣe." Ìyá kì í dá a lóhùn. Ẹ wo ohun tí ayé dà: alààyè ń bá òkú du ìyá, òkú sì ń borí.

Ní ọdún yìí, ilé-iṣẹ́ tó ń kó ẹrù ránṣẹ́ sí i ní kó wá fojú ara rẹ̀ wo ọjà ní Osaka. Iṣẹ́ parí, ó ku ọjọ́ kan. Wọ́n ní àwọn fẹ́ ṣe é lálejò: ọkọ̀ á gbé e lọ sí Kyoto, atọ́nà kan tó gbọ́ Faransé á sì mú òun nìkan káàkiri àwọn tẹ́ńpìlì àti ọgbà wọn láti àárọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́. Ràmílátù ní ha, mùsùlùmí lòun o, kí lòun fẹ́ lọ wá nílé òrìṣà? Wọ́n ní wíwò lásán ni. Ó ní ó dáa, ojú náà lòun á fi wò ó, òun kò ní forí balẹ̀.

Láàárọ̀, ó jáde ní hòtẹ́ẹ̀lì, ó ń wá ọmọ Japan tó máa mú un kiri. Ọkùnrin dúdú kan ló dúró ti ọkọ̀. Ó fi fìlà bojú, ó fi ìbòmú funfun bo imú àti ẹnu, bí ọ̀pọ̀ ènìyàn ti ń ṣe nílùú yẹn.

"Bonjour, madame. Moi, c'est Lucien."

"Ah! Mon frère! Vous venez d'où?"

"De loin, madame," ni ó wí. Ibi tó jìn ló ti wá.

Inú Ràmílátù dùn. Ènìyàn rìn títí dé òpin ayé, ó tún pàdé aláwọ̀ rẹ̀. Ohun kan péré ló ṣe é ní kàyéfì nígbà tí wọ́n wọ ọkọ̀: òórùn attiéké àti ẹja díndín ń ta sí i nímú láti ẹ̀gbẹ́ atọ́nà náà. Ó ní bóyá ilé ló ń wu òun. Ó ṣí fèrèsé díẹ̀.

Tẹ́ńpìlì àkọ́kọ́, wọ́n bọ́ bàtà lẹ́nu ọ̀nà. Ràmílátù ní ó dà bíi mọ́sálásí wọn ní Adjamé, ibi tí o ti gbọ́dọ̀ máa ro bàtà rẹ bí o ti ń kírun. Atọ́nà rẹ́rìn-ín díẹ̀. Ó ki bàtà tirẹ̀ sí kọ̀rọ̀ àpótí bàtà, ó gbé báàgì rẹ̀ lé e lórí. Inú tẹ́ńpìlì tutù, ó dákẹ́, pákó ilẹ̀ ń dún lábẹ́ ẹsẹ̀ bí ẹyẹ kékeré. Atọ́nà ń ṣàlàyé ohun gbogbo ní Faransé tó mọ́ létí, ohùn rẹ̀ kò ròkè. Ó ń tiro níwájú rẹ̀. Ràmílátù rí i o. Àmọ́ atiro pọ̀ láyé.

Ẹ̀yìn tẹ́ńpìlì náà ni ọgbà wà. Ewédò tútù bo ilẹ̀ àti gbòǹgbò igi lọ rẹrẹ, adágún omi wà láàárín, ẹja pupa àti funfun ń lúwẹ̀ẹ́ nínú rẹ̀. Nígbà tí Ràmílátù bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, àwọn ẹja náà ya bò ó, wọ́n ń la ẹnu. Atọ́nà wá dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Lẹ́ẹ̀kan náà, gbogbo wọn rì lọ sísàlẹ̀, omi sì dúró jẹ́ẹ́. Wọ́n dúró pẹ́, ẹja kankan kò yọjú.

"Wọ́n ti yó, madame," ni atọ́nà wí. Ó sì kúrò níbẹ̀ kíákíá.

Òkúta pẹlẹbẹ ni wọ́n tò sójú omi fún àlejò láti máa gbẹ́sẹ̀ lé kọjá. Ràmílátù gbẹ́sẹ̀ lé ìkẹta, ẹsẹ̀ yọ̀, ó fọwọ́ gbá afẹ́fẹ́.

"Ẹ pẹ̀lẹ́!"

Ó dúró gbọnin. Ẹ gbọ́ ná. Bí Faransé bá rí ẹni tó fẹ́ ṣubú, á ní kó ṣọ́ra. Àwa Yorùbá nìkan ni a ó máa bẹ̀ ọ́, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kì í ṣe àwa la tì ọ́, kì í ṣe àwa la da omi sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn kì í gba àṣẹ lọ́wọ́ ẹni tó ni ẹnu kó tó jáde. Atọ́nà náà ti fi ọwọ́ méjèèjì bo ẹnu lórí ìbòmú.

"Kí lo wí?"

"Rien, madame." Ó ní kò sí nǹkan kan.

"Mo ní kí lo wí? Yorùbá ni ọ́!"

Ó wo ilẹ̀. Ó ní, ní Faransé, pé obìnrin ará Bénin kan ló kọ́ òun ní ọ̀rọ̀ díẹ̀ nígbà kan. Ràmílátù fi í sílẹ̀, ṣùgbọ́n etí rẹ̀ ti là. Wọ́n gba ojú ọ̀nà olókúta lọ, atọ́nà níwájú, òun lẹ́yìn. Kò, kọ̀. Kò, kọ̀.

Wọ́n jẹun ọ̀sán ní ilé tíì kékeré kan nínú ọgbà. Ìrẹsì àti ẹ̀fọ́ ni wọ́n gbé fún un nínú abọ́ wẹ́wẹ́. Atọ́nà kò bá a jẹ.

"Mo ti jẹun, madame. Wọ́n máa ń gbé tèmi dè mí nílé."

"Kí lẹ jẹ?"

"Attiéké àti ẹja."

Ràmílátù bú sẹ́rìn-ín. Attiéké ní Kyoto! Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi rí i pé atọ́nà kò rẹ́rìn-ín. Ó ń wo àtẹ́lẹwọ́ ara rẹ̀. Ó ní, bí ẹni tó ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀, "Ẹja ti àná jóná díẹ̀."

Ní tẹ́ńpìlì kejì, Ràmílátù kò gbọ́ àlàyé kankan mọ́. Ó ní òun fẹ́ gba afẹ́fẹ́. Ó sáré jáde síwájú rẹ̀, ó lọ bá àpótí bàtà, ó fa bàtà atọ́nà náà jáde. Bàtà ọ̀tún jẹ́ tuntun, ti Japan. Ti òsì ti gbó. Ìpele rọ́bà mẹ́ta ló wà nísàlẹ̀ rẹ̀, ojú ìlà táyà ṣì hàn lára rẹ̀, okùn ọ̀rá funfun ni wọ́n fi rán an, ní ìlọ́po méjì, bí Moufoutaou nìkan ti ń rán bàtà ní gbogbo Koumassi. Ó tutù lọ́wọ́ rẹ̀ bí ẹja inú yìnyín. Ó jókòó sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà.

Atọ́nà jáde, ó bá a pẹ̀lú bàtà náà lórí itan. Ó wá tú ìbòmú rẹ̀.

Lúkmánì ni. Ó ti dàgbà, irun funfun ti yọ ní irùngbọ̀n rẹ̀, irun tí òkú ọmọ ọdún mẹ́tàlélógún kò lẹ́tọ̀ọ́ láti ní.

"Àǹtí mi," ni ó wí wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má pe orúkọ mi."

Ẹ̀yin náà ti gbọ́ nípa wọn rí. Ẹni tí ọjọ́ rẹ̀ kò pé tó fi kú, tó wá lọ jókòó sí ìlú tí ẹnikẹ́ni kò ti mọ̀ ọ́n, tó ń ṣiṣẹ́, tó níyàwó, tó ń bímọ. Àkúdàáyà. Láyé àwọn bàbá wa, Ìbàdàn ti jìn tó fún wọn. Ṣùgbọ́n nísinsìnyí tí ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ ti kún ayé bí eéṣú, níbo ló kù kí òkú sá sí?

"Mo níyàwó níbí," ni Lúkmánì wí. "Mo bí ọmọbìnrin kan, ọdún mẹ́fà ni. Bí ẹ bá pe orúkọ mi sí mi létí, tí ẹni tó bí mi sì fojú kan ojú mi, ó tán nìyẹn, Àǹtí mi. N kò mọ ẹni tó ṣe òfin náà. Mo kàn mọ̀ ọ́n bí ènìyàn ṣe ń mọ̀ pé ebi ń pa òun ni. Ẹ jẹ́ kí n mú yín dé ọgbà tó kù, kí n dá yín padà sí hòtẹ́ẹ̀lì. Ẹ ti rí mi. Kó tó yín."

"Ọdún mẹ́rìnlá!" Omi ń bọ́ lójú Ràmílátù. "Ṣé o mọ ohun tí ojú mi rí? Ṣé Màmá..."

"Ẹ má dárúkọ Màmá." Ó gba bàtà rẹ̀, ó wọ̀ ọ́. "Ẹ ṣèlérí fún mi."

"Mo gbọ́," ni Ràmílátù wí. "Mo ti ṣèlérí."

Ọgbà tó kẹ́yìn kò ní omi, kò ní òdòdó. Yanrìn funfun ni, tí wọ́n fi irin eléyín fà ní ìlà-ìlà, òkúta ńlá díẹ̀ sì dúró láàárín rẹ̀. Pèpéle pákó wà tí ènìyàn lè jókòó sí láti wò ó. Kí wọ́n tó dé ibẹ̀, Lúkmánì gbé òkúta kékeré kan lẹ́bàá ọ̀nà, òkúta roboto tí wọ́n fi okùn dúdú dì bí ẹ̀bùn. Ó gbé e sí àárín ọ̀nà gan-an.

"Gbogbo ọgbà wọn ló ní irú èyí. Bí wọ́n bá gbé e sójú ọ̀nà..."

"Ààlè nìyẹn," ni Ràmílátù wí. Kò nílò kí ẹnikẹ́ni túmọ̀ rẹ̀ fún un.

"Ààlè ni, Àǹtí mi. Ẹ dúró níbí. Ẹ jẹ́ kí n fara balẹ̀ níwájú díẹ̀ ká tó máa lọ."

Ó bọ́ bàtà nísàlẹ̀ pèpéle, ó lọ jókòó, ó kọ ẹ̀yìn sí i.

Ràmílátù dúró ti òkúta náà. Ọmọ àlè ló ń rí ààlè tí kì í yà fún un, ó mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ọkàn rẹ̀ kò sí lọ́dọ̀ òkúta mọ́. Ó ń ro abọ́ méjì. Ó ń ro òrùlé tó kàn, oògùn tó rà, "o ṣé" tí kò ní adùn. Ó ní, bí mo bá fi ọmọ yìí han Màmá báyìí, èmi Ràmílátù, Màmá á fà mí mọ́ra. Ẹ̀ẹ̀kan péré. Á ní ìwọ lo wá a rí. Á jẹ́ orúkọ mi padà. Òfin àkúdàáyà? Ta ló ti rí òkú tó pòórá rí? Ìtàn tí wọ́n fi ń dẹ́rù ba ọmọdé ni. Àti pé ẹni tó ń bí ọmọ, báwo ló ṣe fẹ́ jẹ́ òkú? Bóyá ènìyàn míì ni mo ṣí aṣọ lójú rẹ̀ nílé òkú lọ́jọ́ yẹn.

Bí ènìyàn bá fẹ́ ṣe àṣìṣe, kì í wá àwáwí tì.

Ó yọ fóònù. Aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ni níbẹ̀. Abidjan ṣẹ̀ṣẹ̀ ń jí ni. Ó pe Mounira lórí WhatsApp, olójú-sójú. Ó ní, "Mounira, yára, gbé fóònù fún Màmá. Má bi mí ní nǹkan kan." Ó rí àgbàlá wọn, ó rí adìẹ, ó rí ojú ìyá rẹ̀ pẹ̀lú ìgbálẹ̀ lọ́wọ́.

Ó gbẹ́sẹ̀ kọjá lórí òkúta olókùn dúdú.

"Màmá, ẹ wo ohun tí mo rí fún yín."

Ó yí fóònù sí ọ̀nà pèpéle. Ẹ̀yìn ọkùnrin kan tó jókòó ni ìyá rí, èjìká òsì rẹ̀ rẹlẹ̀ ju ti ọ̀tún lọ. Ìgbálẹ̀ bọ́ lọ́wọ́ ìyá.

"Pa á," ni ìyá wí, lóhùn ìsàlẹ̀.

"Màmá, ẹ dúró, ẹ wò ó dáadáa..."

"Pa á! Ràmílátù, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ ọ́, pa á! Pa á!" Ó ti fa gèlè bo ojú.

Ràmílátù ń sunkún, ó ń rẹ́rìn-ín. Ó rò pé ẹ̀rù ayọ̀ ni. "Ẹ má bẹ̀rù, Màmá. Ẹ ṣí ojú. Lúkmánì ni! Lúkmánì, yíjú wá, Màmá rè é!"

Èjìká yẹn gbọ̀n lẹ́ẹ̀kan. Ó yíjú wá díẹ̀díẹ̀, bí ẹni tí wọ́n ń fi okùn fà. Ní àgbàlá Koumassi, ìyá ń di gèlè mọ́ ojú, ó ń dì í mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n wọ́n ti pe orúkọ ọmọ rẹ̀. Ìyá wo ni ọwọ́ rẹ̀ lágbára tó bẹ́ẹ̀? Gèlè bọ́. Ó wò ó.

"Ẹ pẹ̀lẹ́, Màmá," ni Lúkmánì wí.

Afẹ́fẹ́ kò fẹ́. Nǹkan kankan kò dún. Pèpéle ṣófo. Fìlà rẹ̀ wà lórí yanrìn funfun, àwọn ìlà yanrìn náà sì wà bí wọ́n ṣe fà wọ́n, ẹsẹ̀ kan kò tẹ̀ wọ́n. Nísàlẹ̀ pèpéle, bàtà ọ̀tún tuntun dúró lóun nìkan. Ní ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, níbi tó yẹ kí ti òsì wà, erùpẹ̀ pupa ẹ̀kúnwọ́ kan ló wà níbẹ̀. Kò sí irú erùpẹ̀ yẹn ní gbogbo ọgbà náà. Ràmílátù mọ̀ ọ́n. Ó ti rí i lójú sàréè ní ọdún mẹ́rìnlá sẹ́yìn. Níbì kan nínú ìlú yẹn, obìnrin kan ń se oúnjẹ alẹ́ de ọkọ rẹ̀.

Ìdí nìyẹn tí ó fi jẹ́ abọ́ kan ṣoṣo.

Ìyá jẹun tán. Ó fọwọ́. Ràmílátù ṣì wà lórí ìkúnlẹ̀.

"Ní àárọ̀ ọjọ́ Iléyá, lọ́dọọdún," ni ìyá wí, kò wo ọ̀dọ̀ rẹ̀, "fóònù kékeré mi máa ń dún. Nọ́ńbà gígùn kan ni. Kì í sọ̀rọ̀. Ó máa ń mí ni. Èmi ni mo ń sọ ti ilé fún un: ta ló gbéyàwó, ta ló bímọ. Mo sọ fún un pé o kan òrùlé. Mi ò pe orúkọ rẹ̀ rí. Mi ò ní kó fojú hàn mí rí. Mo ń gbé oúnjẹ rẹ̀ sílẹ̀, mo sì mọ̀ pé ó ń jẹ ẹ́. Ọjọ́ tó ṣáájú ọjọ́ tí o pè yẹn, ẹja jóná mọ́ mi lọ́wọ́. Mo bẹ̀ ẹ́ kó má bínú."

"Ẹ mọ̀?" ni Ràmílátù wí. "Màmá, ẹ mọ̀, ẹ kò sì sọ fún mi?"

"Ìwọ tó o fi ọdún mẹ́rìnlá sọ fún mi pé ó ti kú?" Ìgbà yìí ni ìyá wá wò ó. "Mo ní kí o pa á. Fóònù ni mo ní kí o pa. Ọmọ mi lo pa."

Ó dìde, ó gbé abọ́ rẹ̀ wọlé.

Wọ́n ṣe fídáù lọ́jọ́ kẹjọ, ìyá fúnra rẹ̀ ló ránṣẹ́ pe àwọn àlùfáà. Ó wọ aṣọ funfun, ó jókòó, ó ṣe àmín sí gbogbo àdúrà. Lẹ́yìn ìyẹn ni Mounira gbàgbé ara rẹ̀ ní òwúrọ̀ kan tó pè é ní Ìyá Ràmílátù. Ìyá ní "Hẹn?" Ó jẹ́ ẹ. Láti ọjọ́ náà ló ti ń jẹ́ ẹ, bí ènìyàn ṣe ń jẹ́ orúkọ tí wọ́n pè ní ọsibítù. Ohun tí Ràmílátù ń wá fún ọdún mẹ́rìnlá ti bọ́ sí i lọ́wọ́, ó sì korò ju jogbo lọ.

Ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn fídáù ni Iléyá. Òjò ń rọ̀ láàárọ̀ náà. Ràmílátù ń gbọn omi kúrò lẹ́nu ọ̀nà nígbà tí fóònù kékeré ìyá dún lórí àpótí, níbi tí abọ́ onídèérí máa ń wà. Ó wò ó. Plus quatre-vingt-un, nọ́ńbà Japan, ló fi bẹ̀rẹ̀, ó sì gùn. Ó tẹ̀ ẹ́, ó gbé e sétí.

Ẹnì kan ń mí.

Ràmílátù kò pe orúkọ. Ó ti kọ́gbọ́n. Ó dúró, omi òjò ń ṣàn láàárín ọmọ ìka ẹsẹ̀ rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni ohùn kan dé, ohùn ọmọdébìnrin, ó ń sọ èdè ibẹ̀ tí Ràmílátù kò gbọ́. Ó sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan, ó sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kejì. Ìbéèrè ni. Ọ̀rọ̀ kan péré ló yé Ràmílátù nínú rẹ̀, nítorí gbogbo ọmọ ayé ló ń pè é bákan náà: "Papa?"

Ẹkún gbọn Ràmílátù. Ó fi ọwọ́ dí ẹnu, ẹkún gba imú jáde.

Lọ́hùn-ún, ọmọ náà tẹ́tí. Ó wá ní, "Pẹ̀lẹ́."

Ó pè é rẹ́gí, bí ọmọ tí wọ́n bí sí Ògbómọ̀ṣọ́. Kò fi "ẹ" sí i. Ta ló fẹ́ kọ́ ọ pé àgbà ló ń bá sọ̀rọ̀? Bí bàbá rẹ̀ ṣe ń sọ ọ́ fún un nígbà tó bá ṣubú náà lòun náà ṣe sọ ọ́. "Pẹ̀lẹ́," ni ó tún wí. "Pẹ̀lẹ́."

Ìyá wà nínú yàrá, ilẹ̀kùn ṣí sílẹ̀ díẹ̀. Ràmílátù gbọ́ tí ẹní rẹ̀ dún. Ó mọ̀ pé ó ti jókòó, ó mọ̀ pé ó ń gbọ́.

"Pa á," ni ìyá wí. Kò gbóhùn sókè.

Ràmílátù wo ilẹ̀kùn náà. Ó wo fóònù. Ọmọ náà ṣì wà níbẹ̀, ó ń mí, bí bàbá rẹ̀ ti máa ń mí.

Lọ́tẹ̀ yìí, ó gbọ́ràn sí ìyá rẹ̀ lẹ́nu. Ó pa á.